Fáìlì Àjọlò: Ìdí Tí Ẹ̀rọ Ìtẹ̀wé Fi Lè Kọṣẹ́ Nígbà Tí A Bá Yọ Sọ́fítíwíà Mìíràn Kúrò

Ẹni tó bá ti ń lo kọ̀ǹpútà Windows fún ọdún kan tàbí méjì yóò ti pàdé ìkìlọ̀ kan tó máa ń yọ lójijì: ó ní ètò tí ẹ fẹ́ ṣí kò lè bẹ̀rẹ̀ nítorí pé fáìlì kan kò sí níbẹ̀. Orúkọ fáìlì náà á wá dà bí orúkọ òǹtẹ̀: MSVCP140.dll, VCRUNTIME140.dll, MFC42.dll. Púpọ̀ nínú wa kò rí fáìlì náà rí, a kò fọwọ́ ara wa pa á rẹ́, a kò sì mọ ẹni tó kó o wọlé. Síbẹ̀, òun ni kò jẹ́ kí próójẹ́ẹ̀tì àṣekágbá tí a gbọ́dọ̀ fi sílẹ̀ lọ́la ṣe é tẹ̀ jáde.

Àwọn tó wà ní ọdún kẹta ní ẹ̀ka wa yóò pàdé ọ̀rọ̀ yìí nínú ẹ̀kọ́ Operating Systems, ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń so kóòdù pọ̀ mọ́ra ni ìwé sábà máa ń ṣàlàyé. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nígbà tí a bá ń fi ètò sórí kọ̀ǹpútà, tàbí tí a bá ń yọ ọ́ kúrò, kì í pẹ́ nínú ìwé kó tó kọjá lọ. Ibẹ̀ gan-an sì ni wàhálà wà. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ni mo fẹ́ fi ṣe àpẹẹrẹ, torí pé gbogbo ohun tó lè bàjẹ́ nínú ọ̀rọ̀ fáìlì àjọlò ló pé sí ara rẹ̀.

Odó kan, agbo ilé kan

Ẹ jẹ́ ká wo agbo ilé àtijọ́. Ìyàwó mẹ́jọ lè wà níbẹ̀, kí odó iyán jẹ́ méjì péré. Ẹni tó bá fẹ́ gúnyán á lọ sídìí odó, á gún tirẹ̀, á sì fi odó sílẹ̀ fún ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn. Kò sẹ́ni tó ń gbé odó wọ yàrá. Ohun tí DLL jẹ́ nìyẹn: àkójọ iṣẹ́ tí ẹnì kan ti kọ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, tí ètò tó bá nílò rẹ̀ á wá lò ó níbi tó wà. Lẹ́tà mẹ́ta náà dúró fún dynamic-link library. Ìtumọ̀ dynamic níbí ni pé ìgbà tí ètò bá ń ṣiṣẹ́ gan-an ni Windows ń so ó mọ́ àkójọ náà, kì í ṣe ìgbà tí ẹni tó kọ ọ́ ń kọ ọ́. Ní orí Linux, fáìlì bẹ́ẹ̀ máa ń ní .so nínú orúkọ rẹ̀. Ète kan náà ni, àṣà ló yàtọ̀.

Èrè àkọ́kọ́ ni àyè. Ká ní ètò 20 ló nílò iṣẹ́ kan náà, tí iṣẹ́ náà sì tó megabáìtì 5. Bí ètò kọ̀ọ̀kan bá gbé tirẹ̀ lọ́wọ́, megabáìtì 100 ló lọ. Bí gbogbo wọn bá jọ ń lo ẹyọ kan, megabáìtì 5 ni. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí nínú mẹ́mọ̀rì: Windows á gbé kóòdù DLL náà sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, á sì jẹ́ kí gbogbo ètò máa rí i, ṣùgbọ́n dátà tí ètò kọ̀ọ̀kan ń kọ sínú rẹ̀ jẹ́ tirẹ̀ nìkan. Odó kan náà ni, iṣu tó wà nínú rẹ̀ ló yàtọ̀.

Ẹ lè ní kí ni megabáìtì 100 já mọ́ lónìí. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí Windows àkọ́kọ́ jáde ní 1985, kìlóbáìtì 256 ni mẹ́mọ̀rì tó kéré jù tó lè gbé e, orí fílọ́pì méjì ni ènìyàn sì ti lè máa lò ó. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti pín Windows fúnra rẹ̀ sí àkójọ àjọlò mẹ́ta pàtàkì: KERNEL, USER àti GDI. GDI yìí ló ń ya nǹkan sójú kọ̀ǹpútà, òun náà ló sì ń yà á sórí ìwé nígbà tí a bá ń tẹ̀wé. Nítorí náà, ọ̀rọ̀ ìtẹ̀wé àti ọ̀rọ̀ fáìlì àjọlò ti ń bá ara wọn rìn láti ìbẹ̀rẹ̀.

Èrè kejì ni àtúnṣe, òun ni mo sì kà sí jù. Bí ihò ààbò kan bá wà nínú àkójọ kan, tí wọ́n sì dí i lẹ́ẹ̀kan, gbogbo ètò tó ń lò ó ti bọ́ lọ́wọ́ ewu náà.

Tí ẹ bá fẹ́ fojú ara yín rí i, ẹ ṣí Command Prompt, kí ẹ tẹ tasklist /m kernel32.dll. Gbogbo ètò tó ń lo odó yẹn lọ́wọ́ ni yóò tò síwájú yín.

Báwo ni Windows ṣe ń mọ ibi tí DLL wà? Tí ètò bá pe orúkọ rẹ̀ láìsọ ojú ọ̀nà, Windows á wá a lẹ́sẹẹsẹ. Fódà tí ètò náà fúnra rẹ̀ wà ló kọ́kọ́ ń wò, lẹ́yìn náà System32, lẹ́yìn náà fódà Windows, kó tó wá kan fódà tí a ti ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́ àti àwọn tó wà nínú PATH. Èyí tó bá kọ́kọ́ rí ló ń mú. Àwọn bíi kernel32 nìkan ni kì í wá báyìí, torí pé orúkọ wọn wà nínú àkójọ kan tó ń jẹ́ KnownDLLs, ibi kan ṣoṣo ni Windows sì ti ń mú wọn. Ẹ fi ìtòlẹ́sẹẹsẹ yìí sọ́kàn, a óò padà sí i.

Ìjà odó

Ní àwọn ọdún 1990, ètò tó bá ń wọ orí kọ̀ǹpútà a máa da DLL rẹ̀ sínú fódà System kan náà tí gbogbo ayé ń lò. Ètò A mú ẹ̀yà tuntun DLL kan wá lóṣù yìí. Lóṣù tó ń bọ̀, ètò B dé pẹ̀lú ẹ̀yà àtijọ́ DLL tó ní orúkọ kan náà, ẹni tó sì ṣe ètò ìfisórí rẹ̀ kò yẹ̀ ẹ̀yà wò kó tó fi tirẹ̀ bo ti ilé. Ètò B ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Ètò A kú. Ẹni tó ni kọ̀ǹpútà á máa bú ètò A, bẹ́ẹ̀ ètò A kò ṣẹ ẹnikẹ́ni. Àwọn tó ń kọ ètò nígbà náà pe ipò yìí ní DLL Hell, ọ̀run àpáàdì DLL, n kò sì rò pé wọ́n sọ àsọdùn.

Yíyọ ètò kúrò tún burú ju fífi í sórí lọ. Bí ìyàwó kan bá kó kúrò nínú agbo ilé, ṣé ó lè gbé odó lọ? Àfi bí ó bá jẹ́ òun nìkan ló ń lò ó. Kí Windows lè mọ èyí, ó ní ibì kan nínú Registry tó ń jẹ́ SharedDLLs. Ojú ọ̀nà fáìlì àjọlò kọ̀ọ̀kan wà níbẹ̀ pẹ̀lú nọ́ńbà kan. Ètò tó bá wọlé, tó sì fẹ́ lo fáìlì náà, á fi 1 kún nọ́ńbà yẹn. Tó bá ń jáde, á yọ 1 kúrò. Tí nọ́ńbà bá di 0, kò sẹ́ni tó ń lò ó mọ́, a lè pa á rẹ́.

Ìṣirò yìí dára lórí ìwé. Ohun tó ń bà á jẹ́ ni pé kò sí ohun tó fi dandan lé e pé kí ètò kà. Ètò tí wọ́n kàn dà sínú fódà láìsí ìfisórí kò ka ara rẹ̀ mọ́ wọn. Ètò tí a fi sórí lẹ́ẹ̀mejì lè ka ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Èyí tí a pa fódà rẹ̀ rẹ́ láìyọ ọ́ bó ṣe yẹ kò yọ nọ́ńbà tirẹ̀ kúrò. Nítorí náà, nọ́ńbà náà lè ga ju òótọ́ lọ, ìyẹn kò pa ẹnikẹ́ni lára ju pé ìdọ̀tí á kù nílẹ̀. Ó sì lè kéré ju òótọ́ lọ, ìyẹn ló ń pa ètò.

Ìdí nìyí tí fèrèsé kékeré kan fi máa ń yọ nígbà tí ẹ bá ń yọ àwọn sọ́fítíwíà àtijọ́ kan kúrò. Á ní ó jọ pé kò sí ètò mìíràn tó ń lo fáìlì báyìí mọ́, ṣé kí òun pa á rẹ́? Ọ̀pọ̀ ènìyàn á tẹ bẹ́ẹ̀ ni kí ó lè tètè parí. Ní tèmi, bẹ́ẹ̀ kọ́ ni ìdáhùn, pàápàá jù lọ tí fáìlì náà bá wà nínú System32 tàbí nínú fódà ilé iṣẹ́ kan tí ẹ ní ohun èlò wọn mìíràn lórí kọ̀ǹpútà yẹn. Tí ẹ bá fi í sílẹ̀ láìnídìí, megabáìtì díẹ̀ ló ṣòfò. Tí ẹ bá pa á rẹ́ láìyẹ, ẹ lè má mọ̀ títí di ọjọ́ tí ẹ bá nílò ètò tó ń lò ó.

Microsoft wá wá nǹkan ṣe sí i. Windows 2000 bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ fáìlì tirẹ̀: tí ètò kan bá fi èyí tí kò yẹ bò ó, Windows á dá ojúlówó padà. Windows XP, ní 2001, mú fódà WinSxS wá, níbi tí ẹ̀yà méjì tàbí mẹ́ta DLL kan náà ti lè wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, kí ètò kọ̀ọ̀kan sọ èyí tó fẹ́. Ìjà odó rọlẹ̀ gan-an lẹ́yìn ìyẹn. Ṣùgbọ́n fáìlì Microsoft ni ìṣọ́ yẹn wà fún. Fáìlì tí ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ ìtẹ̀wé kó wá kò sí lábẹ́ rẹ̀.

Dírẹ́bà kì í ṣe ẹnì kan

A máa ń sọ pé a fẹ́ fi dírẹ́bà ẹ̀rọ ìtẹ̀wé sórí kọ̀ǹpútà, bí ẹni pé ẹnì kan ló jókòó sídìí ọkọ̀. Ó kéré tán, fáìlì mẹ́ta ni. Ọ̀kan jẹ́ DLL tó ń sọ ojú ìwé di èdè tí ẹ̀rọ náà gbọ́. Ìkejì jẹ́ DLL tó ń fi fèrèsé tí a ti ń yan A4 tàbí ìhà méjì hàn wá. Ìkẹta jẹ́ àkọsílẹ̀ ohun tí ẹ̀rọ náà lè ṣe: ìwọ̀n ìwé tó ń gbà, àwọ̀ tó ní, bí àpótí ìwé rẹ̀ ṣe pọ̀ tó.

Ibi tí àjọlò ti wọ ọ̀rọ̀ yìí ni pé ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́ kò kọ DLL àkọ́kọ́ yẹn fúnra wọn. Microsoft ti kọ unidrv.dll fún gbogbo wọn, ó sì kọ pscript5.dll fún àwọn ẹ̀rọ tó gbọ́ PostScript. Ilé iṣẹ́ á kàn kọ fáìlì GPD fún ti àkọ́kọ́, tàbí PPD fún ti ìkejì, tó ń ṣàpèjúwe ẹ̀rọ tirẹ̀, àfi tó bá fẹ́ fi àrà tirẹ̀ kún un ló tún ń kó DLL mìíràn wá. Ẹ̀rọ mẹ́ta láti ilé iṣẹ́ mẹ́ta tó ń bá ara wọn dù lọ́jà lè máa lo unidrv.dll kan ṣoṣo lórí kọ̀ǹpútà kan.

Gbogbo rẹ̀ sì wà nínú fódà kan: C:\Windows\System32\spool\drivers\x64\3. Nọ́ńbà 3 tó kẹ́yìn yẹn ni irú dírẹ́bà náà. Ohun tó ṣe pàtàkì ni pé gbogbo dírẹ́bà irú 3, ti ilé iṣẹ́ yòówù, inú fódà kan yìí ni wọ́n ń kó sí. Ká ní bìsínẹ́ẹ̀sì sẹ́ńtà kan ní ẹ̀rọ méjì láti ilé iṣẹ́ kan náà, ọ̀kan ti pẹ́, ọ̀kan tuntun. Orúkọ kan náà ni DLL àwọn méjèèjì lè ní. Tí wọ́n bá fi ti tuntun sórí, ó lè bo ti àtijọ́ mọ́lẹ̀, kí ẹ̀rọ àtijọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ lẹ́tà tí ẹnikẹ́ni kò lè kà. Wọ́n á ní tóónà ló ń tán. Irú 4, tó bá Windows 8 dé ní 2012, fún dírẹ́bà kọ̀ọ̀kan ní àyè tirẹ̀ nítorí ìjà yìí gan-an, ṣùgbọ́n irú 3 kò tíì kúrò láyé.

Ẹni tó ń lo àwọn DLL yìí ni spoolsv.exe, tí a ń pè ní spooler, òun ló ń gba iṣẹ́ ìtẹ̀wé, tó ń tò wọ́n, tó ń rán wọn lọ sí ẹ̀rọ. Nígbà tó bá gbé DLL lọ́wọ́, kò sẹ́ni tó lè pa fáìlì náà rẹ́ tàbí kó pààrọ̀ rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí Windows fi ń sọ pé dírẹ́bà wà lẹ́nu iṣẹ́ nígbà tí ẹ bá fẹ́ yọ ọ́. Tí DLL kan bá sì ṣubú nínú spooler, spooler náà á bá a ṣubú, gbogbo ẹ̀rọ ìtẹ̀wé tó wà lórí kọ̀ǹpútà á dákẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà. Láti Windows 7 ni wọ́n ti ṣe é kí dírẹ́bà lè máa ṣiṣẹ́ nínú ilé ọ̀tọ̀ tó ń jẹ́ PrintIsolationHost.exe, kí ẹni tó bá fẹ́ ṣubú máa dá ṣubú.

Ọ̀rọ̀ bíìtì tún wà níbẹ̀. Ètò bíìtì 32 kò lè gbé DLL bíìtì 64 sínú ara rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ti bíìtì 64 kò lè gbé ti 32. Báwo wá ni ètò àtijọ́ bíìtì 32 ṣe ń tẹ̀wé lórí Windows bíìtì 64? Alárinà kan wà tó ń jẹ́ splwow64.exe, òun ló ń gba iṣẹ́ lọ́wọ́ èyí fún ìyẹn. Tí ẹ bá rí i nínú Task Manager, kì í ṣe kòkòrò. Ohun tó tún ń da orí ènìyàn rú ni orúkọ fódà: System32 ni DLL bíìtì 64 wà, SysWOW64 ni ti bíìtì 32 wà. Ẹni tó sọ wọ́n lórúkọ bẹ́ẹ̀ ní ìdí tirẹ̀, torí pé wọn kò fẹ́ kí ètò àtijọ́ tó ti mọ orúkọ System32 bàjẹ́, ṣùgbọ́n gbogbo wa là ń jìyà rẹ̀.

Tí ó bá ti bàjẹ́

Ká ní ẹ yọ sọ́fítíwíà sikáánà àtijọ́ kúrò ní àárọ̀, ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ilé iṣẹ́ kan náà sì dákẹ́ ní ọ̀sán. Kí ẹ tó ṣe ohunkóhun, ẹ wá ẹni tó ni DLL tí wọ́n ní kò sí, torí pé ẹni tó ni ín ló ń pinnu àtúnṣe.

Tó bá jẹ́ ti Windows fúnra rẹ̀, ẹ ṣí Command Prompt gẹ́gẹ́ bí alábòójútó, kí ẹ tẹ sfc /scannow. Á fi ojúlówó tó wà nípamọ́ rọ́pò èyí tó bàjẹ́. Tí ibi ìpamọ́ yẹn fúnra rẹ̀ bá bàjẹ́, DISM /Online /Cleanup-Image /RestoreHealth ló ń tún un ṣe, kí ẹ wá pe sfc lẹ́ẹ̀kan sí i. Tó bá jẹ́ VCRUNTIME140 tàbí MSVCP140, inú àkójọ Visual C++ Redistributable ló wà, ọ̀fẹ́ ni lórí ìkànnì Microsoft, ẹyọ kan sì ń sin ètò tí wọ́n fi Visual Studio 2015 títí dé 2022 kọ. Ẹ fi ti x86 àti ti x64 sórí, kódà tí kọ̀ǹpútà yín bá jẹ́ bíìtì 64, torí ohun tí a ti sọ lókè nípa bíìtì.

Tó bá jẹ́ ti ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, sfc kò mọ̀ ọ́n rí. Ẹ gbọ́dọ̀ yọ dírẹ́bà náà tán pátápátá kí ẹ tó fi òmíràn sórí, torí pé tí ẹ bá kàn tún un fi sórí, Windows lè máa lo àkójọ tó ti bàjẹ́ tẹ́lẹ̀. Ẹ yọ ẹ̀rọ náà kúrò nínú àwọn ẹ̀rọ ìtẹ̀wé. Ẹ tẹ net stop spooler, lẹ́yìn náà net start spooler, kí spooler lè tú ọwọ́ kúrò lára DLL. Ẹ wá tẹ printui /s /t2, fèrèsé tó to gbogbo dírẹ́bà á ṣí. Ẹ yọ dírẹ́bà náà pẹ̀lú àkójọ rẹ̀, kí ẹ tó padà lọ sí ìkànnì ilé iṣẹ́ fún tuntun.

Ohun tí ẹ kò gbọ́dọ̀ ṣe ni èyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ń ṣe: kí ẹ kọ orúkọ DLL náà sínú Google, kí ẹ wà á jáde láti ìkànnì àjèjì kan, kí ẹ sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ System32. Ẹ̀yà tí ẹ rí lè má bá ètò yín mu. Tó bá jẹ́ bíìtì 32 ni ẹ gbé fún ètò bíìtì 64, àṣìṣe 0xc000007b ni yóò dáhùn, wàhálà ti di méjì. Àwọn kan á tún ní kí ẹ pe regsvr32 sí i. DLL tó ní iṣẹ́ DllRegisterServer nínú nìkan ni àṣẹ yẹn wà fún, púpọ̀ nínú àwọn tí ìkìlọ̀ ń dárúkọ kò sì ní in. Èyí tó burú jù ni pé DLL jẹ́ kóòdù. Ẹ kò gbé àwòrán wọlé, ẹ gbé ènìyàn tí ẹ kò mọ̀ wọ yàrá, ẹ sì fún un ní ibùsùn ètò tó pè é. Ẹ rántí ìtòlẹ́sẹẹsẹ ìwákiri tí mo ní kí ẹ fi sọ́kàn: DLL búburú tó bá wà nínú fódà ètò kan ni Windows á kọ́kọ́ rí, kó tó dé System32.

Spooler pàápàá ti fi èyí ṣe àríkọ́gbọ́n fún gbogbo ayé. Ní 2010, kòkòrò Stuxnet lo ihò kan nínú rẹ̀ láti kọ fáìlì sórí kọ̀ǹpútà mìíràn tó wà lórí nẹ́tíwọ̀kì kan náà. Ní 2021, ihò tí wọ́n pè ní PrintNightmare, CVE-2021-34527, jẹ́ kí ẹni tó kàn lè wọlé gẹ́gẹ́ bí òṣìṣẹ́ lásán sọ fún spooler pé òun mú dírẹ́bà wá. Spooler á gbé DLL onítọ̀hún, á sì fún un ní agbára SYSTEM, tó ju ti alábòójútó lọ. Microsoft gbé àtúnṣe jáde ní ọjọ́ 6 oṣù Keje láìdúró de ọjọ́ tí wọ́n sábà ń gbé e jáde. Ní oṣù Kẹjọ, wọ́n tún sọ ọ́ di òfin pé alábòójútó nìkan ló lè fi dírẹ́bà sórí láti orí nẹ́tíwọ̀kì. Tí kọ̀ǹpútà yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ bá ń béèrè ọ̀rọ̀ aṣínà lọ́wọ́ yín kó tó gba ẹ̀rọ ìtẹ̀wé tuntun, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ibẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀.

Linux gba ọ̀nà mìíràn. Nọ́ńbà wà lára orúkọ àkójọ fúnra rẹ̀, bíi libssl.so.1.1 àti libssl.so.3, kí ẹ̀yà méjì tí kò bára mu lè wà láìbo ara wọn mọ́lẹ̀. Ìyẹn kò ní kí ètò má kú: nígbà tí Ubuntu 22.04 kò kó libssl.so.1.1 wá mọ́ ní 2022, àwọn ètò tí wọ́n kọ fún un kò lè ṣí. Ṣùgbọ́n wọ́n kú ní gbangba, pẹ̀lú orúkọ ohun tí wọ́n ń wá, èyí sì dára ju kí nǹkan máa ṣiṣẹ́ lódì lọ. Àṣẹ ldd ló ń fi àkójọ tí ètò kan gbẹ́kẹ̀ lé hàn. Ẹ gbìyànjú rẹ̀ lórí ètò ìtẹ̀wé kan, ó ṣeé ṣe kí ẹ rí libcups.so.2, ti CUPS, èyí tí Michael Sweet kọ́kọ́ gbé jáde ní 1999.

Ní oṣù Kẹsàn-án 2023, Microsoft kéde pé òun yóò dẹ́kun gbígbé dírẹ́bà tí ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ ìtẹ̀wé kọ jáde nípasẹ̀ Windows Update ní ìpele-ìpele. Èrò wọn ni pé kí ẹ̀rọ àti kọ̀ǹpútà máa fi IPP bá ara wọn sọ̀rọ̀ tààrà, nípasẹ̀ dírẹ́bà kan ṣoṣo tó ti wà nínú Windows, kí DLL ilé iṣẹ́ yòówù má wọlé mọ́. Ẹ̀rọ tuntun tó gbọ́ IPP ti lè ṣe èyí báyìí. Ẹ̀rọ àtijọ́ tó ń fi USB nìkan ṣiṣẹ́, irú èyí tó pọ̀ nínú àwọn ilé ìtẹ̀wé ẹ̀bá géètì, kò gbọ́ IPP, yóò sì máa gbé DLL tirẹ̀ lọ sínú fódà 3 títí tí yóò fi gbó.